Kẹ́hìndé Kò Lọ sí Èkó

Ilé Olùkọ́,
Òkè-Ìmẹ̀sí, Ìpínlẹ̀ Èkìtì.
Ìparí oṣù Ọ̀wàrà.

Bàbá mi ọ̀wọ́n,

Mo kúnlẹ̀ kí yín láti orí àpótí tí mo jókòó sí lẹ́yìnkùlé Yèyé. Mo mọ̀ pé ẹni tó jókòó kò lè kúnlẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ bá mi gbà á bẹ́ẹ̀. Ṣé ara yín le? Ṣé ẹ̀yìn tó máa ń dùn yín ti fúyẹ́ díẹ̀? Ṣé Màámi ń jẹun dáadáa? Àdúrà mi ni pé kí lẹ́tà yìí bá yín ní ìlú Ọ̀rẹ́ ní àlàáfíà, kó sì bá yín lẹ́yìn tí ẹ bá ti jẹun tán, torí mo mọ bí ẹ ṣe máa ń rí tí ebi bá ń pa yín.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì fà á ya. Láti ọjọ́ tí Bàbá Ògúnbọ̀dé ti pè yín ni ẹ kò ti gbé fóònù mi mọ́. Màá pè, á dún títí, á dákẹ́. Mo tẹ ọ̀rọ̀ ránṣẹ́, mo rí i pé ẹ kà á, ẹ kò dá mi lóhùn. Ìyẹn ni mo fi ní kí n kúkú kọ lẹ́tà, kí n fún dírẹ́bà tó ń gba Oǹdó lọ sí ọ̀dọ̀ yín. Ẹ mọ̀ pé ọ̀rọ̀ kì í rọrùn lẹ́nu mi. Láti ìgbà tí mo ti fi SS1 sílẹ̀, ìwé tí mò ń kọ nǹkan sí ni mò ń bá sọ̀rọ̀ jù, òun kì í bá mi wí. Bí ẹ bá rí ibi tí mo ti ṣi kọ, ẹ fojú fò ó.

Ohun tí wọ́n sọ fún yín ni pé mo mú ìyá yín lọ wo òkú, àti pé ìyá yín sọ ohun tí ẹnu kì í sọ níwájú gbogbo ìlú. Òótọ́ ni méjèèjì. Àmọ́ Bàbá Ògúnbọ̀dé kò sí níbẹ̀. Èmi ni mo wà níbẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe rí fún yín, kí ẹ tó pinnu ohun tí ẹ fẹ́ fi mí ṣe.

Ẹ máa rántí Olúwatóbi, ọmọ Màmá Gift tó ń ta kẹrosíìnì. Ó ti kàwé tán ní Adó, ó wá ń ṣiṣẹ́ fún ẹgbẹ́ àwọn ọmọ ìlú tó wà lókè òkun. Ó ní òyìnbó kan wà tó ń bójú tó ilé ẹ̀kọ́ ìjọ níbí kí ogun Hítílà tó dé. Òyìnbó náà ní ẹ̀rọ tó fi ń ya fíìmù, irú fíìmù àtijọ́ tí kò lóhùn. Kò ya ọba, kò ya ìjòyè. Àwọn ọmọdé tó ń ṣeré ló ń yà kiri. Nígbà tó kú, agolo tí fíìmù náà wà nínú rẹ̀ wà lókè àjà ilé wọn lọ́hùn-ún títí ọmọ-ọmọ rẹ̀ fi rí i. Wọ́n dà á sínú flaṣi, wọ́n sì fi í ránṣẹ́ sí Olúwatóbi pé kó fi han ìlú.

Olúwatóbi wá sílé wa lọ́sàn-án ọjọ́ kan. Bàbá Ògúnbọ̀dé ló bá níta, torí wọ́n wá kí Yèyé, ẹ̀gbọ́n wọn. Ó dọ̀bálẹ̀. Ó ní nítorí pé fíìmù ayé ijọ́un kì í sọ̀rọ̀, òyìnbó náà máa ń kọ̀wé sára pátákó dúdú, á wá ya pátákó náà kí àwọn ọmọ tó jáde, kí ẹni tó ń wò lè mọ ohun tó kàn. Ó ní ó kọ ọ́ sára ọ̀kan pé: Hannah àti Martha, ìbejì Olùkọ́. Ó bi wọ́n pé ṣé wọ́n mọ Hannah kankan.

Bàbá Ògúnbọ̀dé wolẹ̀. Wọ́n ní, “Hannah pọ̀ nílùú.”

Olúwatóbi ní, “Èyí tó jẹ́ ìbejì ni, sà.”

Wọ́n ní, “Ìbejì náà pọ̀ nílùú. Dìde ńlẹ̀, ọmọ, yẹ̀pẹ̀ ń ba ṣẹ́ẹ̀tì ẹ jẹ́.”

Ẹ̀rín fẹ́ẹ́ pa mí, àmọ́ nígbà tí mo rí ojú wọn, ẹ̀rín náà lọ. Wọ́n ń wo ilẹ̀kùn yàrá Yèyé. Mo mọ̀ nígbà náà pé Yèyé wa ni Hannah tí wọ́n ń wí.

Ẹ̀yin lẹ kọ́ mi ní ọ̀rọ̀ Èkó náà nígbà tí mo wà ní kékeré. Mo bi yín pé, ṣebí Táyé ni Yèyé, Kẹ́hìndé wọn dà? Ẹ ní, “Ó lọ sí Èkó, ó lọ ra aṣọ.” Mo ní ìgbà wo ló máa dé, ẹ fún mi ní ẹ̀pà, ẹ ní kí n lọ ṣeré. Ìgbà tí mo dàgbà ni Màámi là á yé mi pé bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ nìyẹn. A kì í sọ pé ìbejì kú. Tí ọ̀kan bá lọ, Èkó ló lọ, kí èyí tó kù má baà gbọ́ kó sì tẹ̀ lé e. Tí ọmọdé bá sì lọ, àgbà kì í kà á mọ́ àwọn olóògbé. Wọn kì í dárúkọ rẹ̀ mọ́. Wọ́n á ní òfò ni, kí Ọlọ́run fi ńlá dípò rẹ̀.

A rò pé Yèyé ń sùn nínú yàrá nígbà tí Olúwatóbi ń sọ̀rọ̀. Wọn kò sùn. Ní ìrọ̀lẹ́, bí mo ṣe ń di irun wọn, wọ́n kàn bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ bí ẹni pé a ti wà lẹ́nu rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Wọ́n ní nígbà tí àwọn àgbà sọ fún àwọn pé Kẹ́hìndé lọ ra aṣọ, àwọn gbà bẹ́ẹ̀. Nígbàkígbà tí lọ́rì bá ti ọ̀nà Iléṣà dé, wọ́n á sáré lọ síbi tí wọ́n ti ń já ẹrù. Wọ́n ní, “Ẹsẹ̀ ni mò ń wò, torí mo kéré, ẹsẹ̀ àwọn tó ń sọ̀ kalẹ̀ lojú mi tó. Mò ń wá ẹsẹ̀ tó bá tèmi mu.” Wọ́n ní ó pẹ́ títí, wọ́n wá ń bínú sí i. Irú aṣọ wo ló ń yàn tó bẹ́ẹ̀?

Mo bi wọ́n pé ìgbà wo ni wọ́n wá mọ̀.

Wọ́n ní, “Mi ò rántí ọjọ́ tí mo mọ̀. Èyí tí mo rántí ni pé nígbà tí mo mọ̀, kò sí ẹni tí mo lè sọ fún pé mo ti mọ̀. Ìyá mi ń wò mí, èmi náà ń wò ó, àwa méjèèjì ń sọ pé ó wà l’Ékòó.” Wọ́n tún ní, “Mi ò sì mọ ojú rẹ̀ mọ́, Ayọ̀. Wọ́n ní kí n wo dígí, pé ojú kan náà ni. Ó ti pẹ́ tí arúgbó kan ti gba ibẹ̀ lọ́wọ́ wa.”

Mi ò lè di irun náà mọ́. Mo fi ẹ̀gbẹ́ kan sílẹ̀ láìdì, mo ní ilẹ̀ ti ń ṣú. Irọ́ ni, oòrùn ṣì wà lórí òkè.

Ọjọ́ kejì lẹ pè mí. Ẹ ní, “Ayọ̀mikún, bí Yèyé bá fi ẹsẹ̀ kan gbọ̀ngàn tí wọ́n fẹ́ fi fíìmù yẹn hàn, èmi àti ìwọ ni.” Mo ní ẹ ṣeun, sà, torí mi ò mọ ohun tí èèyàn ń fèsì sí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. Bàbá Ògúnbọ̀dé náà pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Bàbá mi, wọn kì í ṣe èèyàn burúkú. Omi wà lójú wọn. Wọ́n ní, “Ọmọ mi, ọmọ ẹ̀gbọ́n bàbá mi ni Yèyé ẹ. Òun ló pọ̀n mí. Ìbejì tó bá rí èkejì rẹ̀ tó ti lọ, èyí tó lọ á pè é ni. Má jẹ̀ẹ́ kí wọ́n pè é lójú mi.” Mo ṣèlérí fún wọn. Mo tilẹ̀ ní i lọ́kàn pé màá mú un ṣẹ.

Àmọ́ ọjọ́ Sátidé tí wọ́n fẹ́ fi fíìmù náà hàn pé, Yèyé jí, wọ́n wẹ̀, wọ́n jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì, wọ́n ní, “Wọ̀ mí láṣọ.”

Mo ní, “Yèyé, Bàbá ní kí ẹ má lọ.”

Wọ́n ní, “Bàbá ta ni?”

Mo ní, “Bàbá mi.”

Wọ́n ní, “Matthew? Matthew tí mo ń fọ ìdí fún lẹ́bàá odò, tó ń ké bí ọmọ ewúrẹ́?” Ẹ má bínú, bí wọ́n ṣe sọ ọ́ ni mo ṣe kọ ọ́. Wọ́n wá wò mí dáadáa pẹ̀lú ojú kan tó kù tí wọ́n fi ń ríran, wọ́n ní, “Tí mo bá lọ, ó lè pè mí. Tí mi ò bá lọ, èmi ni màá lọ bá a láìmọ ojú rẹ̀. Èwo ló dáa níbẹ̀?” Ṣé ẹ̀yin ì bá ti rí èsì ìyẹn?

Mo wọ bùbá funfun ẹgbẹ́ àwọn ìyá fún wọn. Ọlọ́kadà tó gbé wa ní kí n jókòó sẹ́yìn kí n gbá wọn mú. Ó ń rìn bí ẹni gbé ẹyin sórí. Yèyé ní, “Ṣé bó ṣe ń lọ nìyí, àbí ó ti bàjẹ́?” Ni ọlọ́kadà bá rẹ́rìn-ín títí a fi dé ẹnu ọ̀nà.

Gbọ̀ngàn ilé ẹ̀kọ́ ìjọ ni wọ́n lò. Nítorí pé ọ̀sán ni, wọ́n fi aṣọ dúdú àwọn akọrin bo gbogbo fèrèsé, àwọn aṣọ náà so kọ́ síbẹ̀ bí ẹni pé àwọn akọrin náà dúró wo fíìmù. Aṣọ bẹ́ẹ̀dì funfun ni wọ́n ta sára ògiri. Jẹnẹrétọ̀ ń pariwo níta. Nígbà tí àwòrán náà mọ́lẹ̀, tí àwọn èèyàn kò gbọ́ nǹkan kan, wàhálà bẹ̀rẹ̀. Àgbà kan tí wọ́n ń pè ní Bàbá Fádáhùnsí dìde, wọ́n ní, “Olúwatóbi, yí i sókè! A ò gbọ́!” Olúwatóbi ní kò lóhùn, sà. Wọ́n ní, “Mo mọ̀ pé kò lóhùn, ìdí tí mo fi ní kí o yí i sókè nìyẹn.” Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín. Ibẹ̀ ni ẹ̀rín ti tán.

Mo fẹ́ kí ẹ mọ bó ṣe rí, torí kò dà bíi fíìmù tí a máa ń wò. Ó dà bí ẹni pé òjò ń rọ̀ lójú àwọn ọmọ náà, tí wọn kò sì tutù. Wọ́n ń rìn kíákíá bí adìyẹ. Ọmọkùnrin kan ń ta òkòtó, ó ta á, ó wo òyìnbó, ó rẹ́rìn-ín, eyín iwájú kò sí. Àwọn kan ń fi yẹ̀pẹ̀ se ọbẹ̀ nínú èèpo àgbọn. Òkè wa wà lẹ́yìn wọn, òkè yìí kan náà tí mò ń wò bí mo ṣe ń kọ̀wé yìí, kò yí padà rárá. Mo wá rí i pé gbogbo àwọn ọmọ tó ń sáré yẹn ti kú, tàbí kí wọ́n ti di arúgbó bíi Yèyé. Kò sì sí ẹni tó sọ fún wọn.

Pátákó dúdú jáde. Olúwatóbi kà á sókè ní Yorùbá, ohùn rẹ̀ kéré. Hannah àti Martha, ìbejì Olùkọ́.

Ẹkùn mẹ́ran ni wọ́n ń ṣe. Àwọn ọmọ di ọwọ́ ara wọn mú, wọ́n yí ká, ọ̀kan jẹ́ ẹran nínú agbo, ọ̀kan jẹ́ ẹkùn níta. Ẹ̀ẹ̀kan náà ni wọ́n bí ẹran àti ẹkùn náà, Bàbá mi. Ojú kan, irun kan, ìró kékeré kan náà tí wọ́n so sí àyà. Ẹkùn ń wá ọ̀nà wọlé, agbo ń tì í. Gbogbo wọn ń kọrin, a ń rí ẹnu wọn, a kò gbọ́ orin. Lẹ́yìn náà ni ọmọ kékeré kan jọ̀wọ́ ọwọ́ sílẹ̀, ẹkùn wọlé, ó mú ẹran, àwọn méjèèjì ṣubú lé ara wọn, wọ́n la ẹnu, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín tí kò dún. Mi ò lérò pé nǹkan bẹ́ẹ̀ lè dun èèyàn lára.

Ìgbà náà ni Yèyé dìde. Mo di aṣọ wọn mú, wọ́n já a gbà. Wọ́n rìn lọ síwájú láìmú ọ̀pá, àwọn èèyàn tó wà lẹ́yìn ń pariwo pé, “Màmá, ẹ ń dí iná o!” Wọ́n dé iwájú pátápátá. Òjìji wọn bo ìdajì ògiri, ìdajì tí wọ́n dí nínú fíìmù náà wá ń ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn wọn, lára bùbá funfun náà. Àwọn ọmọ náà ń sáré lẹ́yìn ìyá yín. Ẹkùn ń lé ẹran láti èjìká kan dé ìkejì.

Yèyé ní kí Olúwatóbi tún un fi hàn. Ó tún un ṣe. Wọ́n tún ní kó ṣe é. Wọ́n fi ojú kan náà sún mọ́ aṣọ bẹ́ẹ̀dì náà tó bẹ́ẹ̀ tí mo rò pé wọ́n máa fi orí gbá ògiri. Lẹ́yìn náà wọ́n yíjú sí wa, ìmọ́lẹ̀ wà lójú wọn, wọn kò lè rí ẹnikẹ́ni nínú wa. Wọ́n ní, “Èwo ni èmi?”

Kò sí ẹni tó mọ̀. Ta ni ì bá mọ̀? Pátákó dárúkọ méjèèjì, kò sọ ẹni tó ni èwo. Ká ní fíìmù náà ń sọ̀rọ̀ ni, ọmọ kan ì bá ti ké pe Táyé, ọ̀kan ì bá ti yíjú. Olúwatóbi ní, “Yèyé, ẹ má bínú, kò sí ohùn.” Ó ń sọ ọ́ bí ẹni pé òun ló jí ohùn náà kó.

Yèyé mirí. Wọ́n ní, “Kò burú. Èyí tó wù kó jẹ́ èmi, èkejì rẹ̀ ni mò ń sunkún rẹ̀.” Wọ́n wá sọ ọ̀rọ̀ náà, kì í ṣe pẹ̀lú igbe, bí ẹni tó ń jẹ́rìí nínú ṣọ́ọ̀ṣì ni wọ́n ṣe sọ ọ́. Wọ́n ní, “Kẹ́hìndé mi kú. Kò lọ sí Èkó. Ibà ló ṣe é, ó kú, èmi sì wà lórí ẹní kan náà pẹ̀lú rẹ̀.”

Àwọn kan fọwọ́ bo etí. Ìyá kan sáré jáde, ó ń gbọn ìró rẹ̀. Bàbá Fádáhùnsí nìkan ló dìde, wọ́n ṣí fìlà, wọ́n ní, “Táyé, ẹ kú ìrọ́jú o. Ẹ kú àfẹ́kù.” Bàbá mi, gbogbo ọjọ́ ayé ìyá yín, ẹnikẹ́ni kò tíì kí wọn bẹ́ẹ̀ rí lórí ọ̀rọ̀ yìí. Yèyé jókòó sílẹ̀, wọ́n sunkún bí ọmọdé, wọ́n fi ọwọ́ mi nu imú.

Èmi náà bẹ̀rù o. Ẹ má rò pé orí mi le. Lọ́jọ́ kejì wọn kò jẹun, wọ́n kọjú sí ògiri, mo ń wo àyà wọn bóyá ó ń lọ sókè. Mo ní ó ti ṣẹlẹ̀, Kẹ́hìndé ti pè wọ́n, èmi ni mo pa ìyá Bàbá mi. Bàbá Ògúnbọ̀dé wá jókòó sẹ́nu ọ̀nà, wọn kò bá mi sọ̀rọ̀, wọn kò sì lọ. Nígbà tó di ọ̀sán ni Yèyé jókòó, wọ́n ní, “Ṣé kò sí uṣu nínú ulé yìí ni?” Mo sun iṣu, mo bu epo sí i. Wọ́n jẹ ẹ́, wọ́n fún Bàbá Ògúnbọ̀dé nínú rẹ̀. Bàbá Ògúnbọ̀dé gbà á, wọ́n ń jẹ ẹ́, wọ́n ń sunkún.

Ohun tí Yèyé ń fẹ́ nìyí, òun gan-an ni mo ṣe kọ lẹ́tà yìí. Ní Sunday àkọ́kọ́ oṣù Bélú, ṣọ́ọ̀ṣì máa ka orúkọ àwọn olóògbé. Yèyé fẹ́ kí wọ́n ka Martha Kẹ́hìndé mọ́ wọn. Bàbá Ògúnbọ̀dé ní a kò ṣe irú rẹ̀ rí, pé orúkọ ìbejì àti orúkọ ọmọdé kì í wọ irú ìwé bẹ́ẹ̀. Àlùfáà ní òun kò fẹ́ dá ìjà sílẹ̀ nínú ẹbí. Wọ́n ní bí Matthew, àkọ́bí Yèyé, bá wá fúnra rẹ̀ tó dúró ti ìyá rẹ̀, àwọn á kà á. Bí kò bá wá, àwọn kò ní kà á. Gbogbo rẹ̀ wá kù sọ́wọ́ yín. Yèyé kì í ṣe ọmọdé, Bàbá mi. Ó lè jẹ́ ẹ̀ẹ̀kan yìí nìkan ni wọ́n máa lè bẹ̀bẹ̀ fún un.

Ó ku ọ̀rọ̀ kan. Mo fẹ́ kí wọ́n ka Ọlámijí náà.

Mo ti kọ ọ́. Mi ò ní í pa á rẹ́. Láti ìgbà tí àbúrò mi ti kú, kò sí ẹni tó dárúkọ rẹ̀ nílé wa. Mo mọ̀ pé bí wọ́n ṣe ń ṣe é nìyẹn. Ẹ kó aṣọ rẹ̀ lọ, ẹ kó bọ́ọ̀lù rẹ̀ lọ, ẹ ní kí n mú fóònù mi wá, ẹ jókòó sórí àga, ẹ pa gbogbo fídíò rẹ̀ rẹ́ lọ́kọ̀ọ̀kan. Mo dúró sẹ́nu ọ̀nà, mo ń wo àtàǹpàkò yín. Ẹ kò sunkún. Mo kórìíra yín nígbà náà, ẹ dárí jì mí. Mi ò lè lọ sí ilé ẹ̀kọ́ mọ́ torí gbogbo èèyàn ń ṣe bí ẹni pé ọmọ kan ni ẹ bí láti ilẹ̀. Ẹ rò pé ọ̀lẹ ni mí, ẹ fi mí ránṣẹ́ sí Yèyé. Kì í ṣe ọ̀lẹ. Mi ò mọ bí wọ́n ṣe ń jẹ́ ọmọ kan ṣoṣo ni.

Fídíò kan kù. Mo ti fi í ránṣẹ́ sí Faith, ọ̀rẹ́ mi, kó tó di pé ẹ gba fóònù, ó sì dá a padà fún mi. Ẹ̀yin àti Ọlámijí ni. Ó ń fa mọ́tò tí ẹ fi agolo mílíìkì ṣe fún un, ẹ wá dúró lójú ọ̀nà bí ọlọ́pàá, ẹ ní, “Páàkì! Ìwé mọ́tò dà?” Ó wo ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì, ó fún yín ní bisikíìtì tó ti jẹ kù, ẹ sì gbà á, ẹ jẹ ẹ́. Lẹ́yìn ọ̀rọ̀ fíìmù yẹn, mo fi han Yèyé. Wọ́n rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi mú wọn. Wọ́n ní kí n fi ránṣẹ́ sí bàbá rẹ̀. Mo ní ẹ̀rù ń bà mí, pé ẹ̀yin náà gbà pé òkú máa ń pe èèyàn.

Wọ́n ní, “Sọ fún Matthew pé mo rí Kẹ́hìndé. Kò pè mí. Kò tilẹ̀ wo ọ̀dọ̀ mi. Eré ló ń ṣe.”

Ẹ bá mi kí Màámi, ẹ sọ fún un pé mo ń wẹ̀, mo ń jẹun, irun mi kò kún mọ́. Kí Olúwa dá iṣẹ́ ọwọ́ yín sí. Kí ọ̀nà tí ẹ máa gbà wá sílé má gùn jù, kí ó má sì sí ohun tó máa dá yín padà lórí rẹ̀. Ọmọ kì í súre fún bàbá, àmọ́ Yèyé ní kí n kọ ọ́ bẹ́ẹ̀, ẹ kà á sí tiwọn.

Èmi ni ọmọ yín obìnrin, ẹ̀gbọ́n Ọlámijí,
Ayọ̀mikún.

Àfikún: Mo fi fídíò náà sínú mẹ́mórì káàdì, mo wé e sínú ọ̀rá, mo lẹ̀ ẹ́ mọ́ ẹ̀yìn ìwé yìí. Bí ẹ kò bá lè wò ó, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pa á rẹ́, ẹ fún Màámi. Bí ẹ bá sì fẹ́ wò ó, èyí ní ohùn o. Ẹ yí i sílẹ̀ díẹ̀ kí ẹ tó tẹ̀ ẹ́, kó má baà bá yín lójijì.